Orí Kọ́ Ló Ti Ilẹ̀kùn: Iṣẹ́, Àyànmọ́ àti Gbèsè Nígbà tí Ilé-Iṣẹ́ bá Kógbá Sílé

Nígbà tí ilé-iṣẹ́ ńlá kan bá kógbá sílé, ìbéèrè méjì ni ó máa ń wà nílẹ̀ fún àwọn òṣìṣẹ́ ibẹ̀ àti fún ìlú tó yí wọn ká. Èkíní jẹ mọ́ owó àti òfin: ta ni yóò san owó oṣù tó ti di gbèsè, kí ni ẹ̀tọ́ ẹni tó ti lo ogún ọdún lẹ́nu iṣẹ́, ta ni yóò ni ilẹ̀ àti ẹ̀rọ tó kù síbẹ̀. Èkejì jinlẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí pé inú ọkàn ni ó ń bá ènìyàn gbé lẹ́yìn tí ẹjọ́ bá ti parí ní kóòtù: ṣé bí orí àwọn òṣìṣẹ́ náà ṣe yàn án nìyẹn, àbí ọwọ́ ọmọ ènìyàn ni ó ṣe é? Ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú, níbi tí mọ́sálásí, ṣọ́ọ̀ṣì àti ilé ìṣẹ̀ṣe ti jọ wà, ìdáhùn tó máa ń yá jáde lẹ́nu ni pé kádàrá ni, pé bí Ọlọ́run ṣe kọ ọ́ ni. Ohun tí àròkọ yìí ń wí ni pé ìdáhùn bẹ́ẹ̀ kò tọ̀nà, pé kò sí ọ̀kan nínú ẹ̀sìn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tó fọwọ́ sí i bí a bá yẹ̀ wọ́n wò dáadáa, àti pé ẹni tó bá di ẹrù ìpàdánù náà lé orí òṣìṣẹ́ ti dá kún ìnira rẹ̀.

Ibi tó yẹ kí a ti bẹ̀rẹ̀ ni inú èdè fúnra rẹ̀, nítorí pé ohùn kan ṣoṣo ni ó ya iṣẹ́, èyí tí í ṣe làálàá tí ènìyàn fi ń jẹun, sọ́tọ̀ kúrò lára ìṣẹ́, èyí tí í ṣe òṣì àti àìní. Fáwẹ̀lì àkọ́kọ́ nínú iṣẹ́ ní ohùn àárín, ti ìṣẹ́ sì ní ohùn ìsàlẹ̀, tó fi jẹ́ pé bí ohùn bá ti rẹlẹ̀ díẹ̀, ìtumọ̀ ti ṣubú. Ìgbàgbọ́ àwọn àgbà ni pé ẹni tó bá di èkíní mú gírígírí kò ní bá èkejì pàdé, ìgbàgbọ́ yìí sì dúró lórí ìpìlẹ̀ tó lágbára ní ayé ìgbà náà. Ilẹ̀ jẹ́ ti ẹbí, ọkọ́ àti àdá kò wọ́n, bí apá ẹnì kan kò bá sì ká oko rẹ̀, àáró wà, èyí tí í ṣe àdéhùn láàárín àwọn àgbẹ̀ pé kí wọ́n jọ ro oko ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn ní ìtẹ̀léra. Ọ̀wẹ̀ náà wà, èyí tí í ṣe ìpè tí ẹni tó fẹ́ mọlé tàbí tó fẹ́ kórè máa ń pe àna, ọ̀rẹ́ àti aládùúgbò, tí yóò sì fi oúnjẹ dá wọn lọ́lá. Ìwọ̀fà pàápàá, ẹni tó ń fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ san èlé owó tí a yá títí a ó fi dá owó náà padà, mọ ẹni tí òun ń sìn, ó sì mọ ohun tí yóò fòpin sí ìsìn náà.

Nínú irú ayé bẹ́ẹ̀, ẹni tí kò ṣiṣẹ́ kò ní àwáwí púpọ̀, ìdí nìyẹn tí èdè fi ní orúkọ tó mú ṣáṣá fún un: ọ̀lẹ. Ṣùgbọ́n ẹni tó fẹ́ ṣiṣẹ́, tó lágbára, tó mọ iṣẹ́ náà, tí a kò sì fún un ní iṣẹ́ ṣe, kò ní irú orúkọ kúkúrú bẹ́ẹ̀. Aláìníṣẹ́lọ́wọ́ tí a ń pè é lónìí jẹ́ àpèjúwe gígùn tí a so pọ̀ di ọ̀rọ̀ nítorí pé ayé tuntun mú ipò tuntun wá. Àlàfo tó wà láàárín ọ̀rọ̀ méjèèjì yìí ṣe pàtàkì, torí pé bí àwùjọ kò bá tíì ní orúkọ tó rọrùn fún ipò kan, orúkọ àtijọ́ tó súnmọ́ ọn ni yóò fi pè é. Bẹ́ẹ̀ ni ìtìjú ọ̀lẹ ṣe máa ń bọ́ sí ọrùn ẹni tí kò yọ̀lẹ rí, ẹni tó ti ń jí láago mẹ́rin òwúrọ̀ láti wọ ọkọ̀ ilé-iṣẹ́ fún ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún.

Ohun tí ilé-iṣẹ́ ńlá mú wá ni iṣẹ́ olówó oṣù, èyí tó yàtọ̀ sí iṣẹ́ oko láti ìpìlẹ̀. Agbára àti ìmọ̀ jẹ́ ti òṣìṣẹ́, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ, ilẹ̀, ohun èlò àti ọjà tí a ó ti ta ohun tí a ṣe jẹ́ ti ẹlòmíràn, tí òṣìṣẹ́ náà lè má fojú kàn láé. Ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú, àpẹẹrẹ tó fi èyí hàn kedere ni ilé-iṣẹ́ pépà tí ìjọba àpapọ̀ gbé kalẹ̀ ní àwọn ọdún 1970 sí Iwopin, ìlú etí ọ̀sà tó wà ní ìjọba ìbílẹ̀ Ogun Waterside. Ètò náà dára lójú ìwé: ọ̀sà yóò pèsè omi tí iṣẹ́ pépà máa ń gbà lọ́pọ̀lọpọ̀, igbó Omo, tí ìjọba amúnisìn ti sọ di igbó ọba láti ọdún 1925, yóò sì pèsè igi. Nítorí èyí ni a ṣe gbin igi Gmelina, igi ilẹ̀ Éṣíà tó máa ń yára dàgbà, sí ọ̀pọ̀ ilẹ̀ nínú igbó náà, lẹ́yìn tí a ti gé àwọn igi ìbílẹ̀ kúrò. Iwopin ni ìkẹta nínú ilé-iṣẹ́ pépà mẹ́ta tí ìjọba àpapọ̀ gbójú lé. Ti Jẹ́bà ti bẹ̀rẹ̀ ní 1969, ti Oku-Iboku, tó wà ní ìpínlẹ̀ Akwa Ibom báyìí, sì ṣí ní 1986. Ìrètí ni pé ọmọ ilé-ìwé Nàìjíríà yóò máa kọ̀wé sórí pépà tí a fi igi ilẹ̀ Nàìjíríà ṣe.

Igi náà dàgbà, ṣùgbọ́n pépà kò jáde bí a ti pète. Owó epo rọ̀bì já wálẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, owó tí ìjọba fẹ́ fi parí iṣẹ́ kò tó mọ́. Ní 1986, nígbà tí ètò àtúntò ọrọ̀-ajé tí gbogbo ènìyàn mọ̀ sí SAP dé, iye náírà já, gbogbo ẹ̀rọ àti kẹ́míkà tó ń ti òkè òkun wá sì di ọ̀wọ́n gógó. Ìṣòro mìíràn wà nínú igi fúnra rẹ̀, nítorí pé fọ́nrán Gmelina kúrú, pépà tó bá sì fẹ́ lágbára nílò àpòpọ̀ fọ́nrán gígùn, èyí tí a ní láti máa fi owó ilẹ̀ òkèèrè rà. Ní àwọn ọdún 2000, ìjọba gbé àwọn ilé-iṣẹ́ wọ̀nyí lé aládàáni lọ́wọ́, síbẹ̀ púpọ̀ jù lọ nínú pépà tí Nàìjíríà ń lò ṣì ń gba orí omi wọlé, igi tí a gbìn fún Iwopin sì ń di pákó lọ́wọ́ àwọn agégi. Iwopin kọ́ nìkan ni ọ̀ràn dé bá. Ilé-iṣẹ́ aṣọ Kaduna Textile, tó bẹ̀rẹ̀ ní 1957, tìlẹ̀kùn ní 2002. Michelin dáwọ́ táyà ṣíṣe dúró ní Port Harcourt ní 2007, Dunlop sì ṣe bẹ́ẹ̀ ní Ìkẹjà ní 2008.

Bí a bá to àwọn ìdí wọ̀nyí jọ, a ó rí i pé kò sí èyí tó jẹ́ àdììtú nínú wọn. Ẹnì kan ló yan ibi tí a ó kọ́ ilé-iṣẹ́ sí, ẹnì kan ló yan irú igi tí a ó gbìn, ẹnì kan ló fọwọ́ sí ìwé gbèsè, ẹnì kan ló ṣí ẹnubodè fún ọjà òkèèrè, ẹnì kan ló sì pinnu pé iná ọba kò ní tó. Òṣìṣẹ́ tó dúró ti ẹ̀rọ kò sí níbi tí a ti ṣe ọ̀kankan nínú ìpinnu wọ̀nyí, ṣùgbọ́n òun ni ó kọ́kọ́ gbọ́ àbájáde rẹ̀ nígbà tó bá bá géètì ní títì. Níbí gan-an ni ọ̀rọ̀ orí ti máa ń wọlé, nítorí náà ó yẹ kí a béèrè ohun tí ìgbàgbọ́ Yorùbá nípa orí ń sọ ní tòótọ́.

Orí tí a ń sọ níbí kì í ṣe èyí tí fìlà ń bò. Orí inú ni, ìpín tí ẹ̀dá gbà kó tó wá sáyé, èyí tí ìtàn Ifá sọ pé ilé Àjàlá amọrí ni ó ti mú un. Nínú ìwé tó kọ ní 1962 lórí Olódùmarè nínú ìgbàgbọ́ Yorùbá, Bọ́lájí Ìdòwú ṣàlàyé ọ̀rọ̀ mẹ́ta tí àwọn àgbà ń lò fún ìpín yìí: àkúnlẹ̀yàn, èyí tí ẹ̀dá kúnlẹ̀ tó fi ẹnu ara rẹ̀ yàn, àkúnlẹ̀gbà, èyí tó kúnlẹ̀ tí a fi fún un, àti àyànmọ́, èyí tí a yàn mọ́ ọn tí kò ṣeé já kúrò. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni ó jẹ́ ti ẹnì kọ̀ọ̀kan. Kò sí ìtàn tó sọ pé ìlú kan tàbí ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ kan lọ kúnlẹ̀ pọ̀ láti mú orí kan ṣoṣo. Nítorí náà, nígbà tí ẹgbẹ̀rún ènìyàn tí orí wọn yàtọ̀, tí àdúgbò wọn yàtọ̀, tí òmíràn nínú wọn jẹ́ olórí ire tí òmíràn sì jẹ́ ẹni tí nǹkan kì í gún fún, bá pàdánù iṣẹ́ ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan náà, ọgbọ́n kò jẹ́ kí a wá ìdí rẹ̀ nínú ẹgbẹ̀rún orí. Ibi kan ṣoṣo tí ìgbésí ayé wọn ti pàdé ni kí a wá a sí, ibẹ̀ náà sì ni ẹnu géètì tí ẹlòmíràn mú kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ dání. Ìdí nìyí tí òwe fi ní ọ̀run ń ya bọ̀ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnì kan.

Ẹnì kan lè dáhùn pé orí kọ̀ọ̀kan ni ó darí olúkúlùkù wọn dé ilé-iṣẹ́ tí yóò tì, gẹ́gẹ́ bí ó ti ń darí èrò ọkọ̀ sínú ọkọ̀ tí yóò rì. Ìdáhùn yìí kò ṣeé kó dànù, ṣùgbọ́n kò gbé ọ̀rọ̀ débi tí a fẹ́ kó dé, torí pé bí orí bá tilẹ̀ sọ ìdí tí èrò fi wà nínú ọkọ̀, kò sọ ọkọ̀ tó ti jẹrà di ọkọ̀ tó dára, kò sì dá atukọ̀ tó mọ̀ pé ó ti jẹrà láre. Bákan náà, ẹni tí wàhálà bá, tó gbé ẹ̀ẹ́jì kún ẹ̀ẹ́ta tó lọ sọ́dọ̀ babaláwo, kì í lọ kí a lè sọ fún un pé kó dákẹ́. Ó ń lọ bi í léèrè ohun tó fà á àti ohun tí a ó ṣe sí i. Ẹbọ rírú fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹ̀rí pé ìgbàgbọ́ nínú orí kò pa ìwádìí, ó ń rán ènìyàn níṣẹ́ ni. Ìgbàgbọ́ náà sì mọ̀ pé ọmọ aráyé lè ba orí rere jẹ́, èyí tó túmọ̀ sí pé àwọn àgbà ti mọ̀ láti ìgbà pípẹ́ pé ibi kan wà tí ẹjọ́ kò ti jẹ́ ti ẹni tí a ṣe é sí.

Ẹ̀sìn Ìsìláàmù, tó ti ta gbòǹgbò jinlẹ̀ ní Ìjẹ̀bú-Òde, ni ó fún èdè Yorùbá ní ọ̀rọ̀ náà kádàrá, èyí tí í ṣe ìpinnu Ọlọ́run lórí ohun gbogbo. Mùsùlùmí gbà pé kò sí ewé kan tó ń já láì jẹ́ pé Ọlọ́run mọ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ kan náà kọ́ ọ pé kí ó kọ́kọ́ so ràkúnmí rẹ̀ mọ́lẹ̀ kó tó fi í lé Ọlọ́run lọ́wọ́. Nípa òṣìṣẹ́, hádíìsì kan tí Ibn Majah gbà sílẹ̀ pàṣẹ pé kí a fún alágbàṣe ní owó iṣẹ́ rẹ̀ kí òógùn rẹ̀ tó gbẹ. Ohun tó ṣe pàtàkì nínú àṣẹ yìí ni ètò àsìkò tó wà nínú rẹ̀: owó ṣáájú gbígbẹ òógùn. Sùúrù jẹ́ ìwà ọlọ́lá nínú ẹ̀sìn náà, ṣùgbọ́n ìmọ̀ràn pé kí òṣìṣẹ́ ní sùúrù kò lè rọ́pò owó tó jẹ́ ẹ̀tọ́ rẹ̀, a kò sì lè fi kádàrá bo gbèsè mọ́lẹ̀, nítorí pé ìpinnu Ọlọ́run kò mú ìṣirò kúrò lọ́rùn ènìyàn ní ọjọ́ ìdájọ́.

Nínú Bíbélì, àwọn kan máa ń fa ọ̀rọ̀ tí Pọ́ọ̀lù kọ sí àwọn ará Tẹsalóníkà yọ, pé ẹni tí kò bá fẹ́ ṣiṣẹ́ kò gbọdọ̀ jẹun, wọ́n sì ń lò ó bí pàṣán. Ṣùgbọ́n orí ọ̀rọ̀ náà fẹ́ ni gbólóhùn yẹn dúró lé, ẹni tó fẹ́ tí kò rí kò sí lábẹ́ rẹ̀. Ibi tó kàn án gan-an ni òwe Jésù nípa olóko àjàrà nínú ìwé Mátíù orí 20, níbi tí olóko ti bá àwọn kan tó dúró ní ọjà nígbà tí ilẹ̀ ti fẹ́ ṣú, tó bi wọ́n ìdí tí wọ́n fi dúró láìṣe nǹkan, tí wọ́n sì fèsì pé kò sí ẹni tó gba àwọn síṣẹ́. Olóko náà kò pè wọ́n ní ọ̀lẹ, ó gba èsì wọn gbọ́, ó fún wọn ní iṣẹ́, nígbà tó sì di ìrọ̀lẹ́ ó fún wọn ní owó tí yóò tó ilé wọn jẹ. Ìwé tí Póòpù John Paul Kejì kọ ní 1981 lórí iṣẹ́ ọmọ ènìyàn tún ẹ̀kọ́ yìí tò ní ọ̀nà ìmọ̀ ìjìnlẹ̀, ó ní iṣẹ́ ni a dá fún ènìyàn, a kò dá ènìyàn fún iṣẹ́, àti pé ẹni tó ń ṣiṣẹ́ ṣáájú owó àti ẹ̀rọ tí a fi ń ṣe é.

Òtítọ́ ni pé kì í ṣe gbogbo ilé-iṣẹ́ tó tì ni ó dẹ́ṣẹ̀ nípa títì. Ilé-iṣẹ́ tí ohun tó ń ṣe kò bá tà mọ́, tí epo dísù tó ń jó ju èrè tó ń rí lọ, kò lè máa fi gbèsè san owó oṣù títí láé, ẹni tó bá sì fipá mú un ń sún ìṣubú síwájú ni. Nítorí náà, ìbéèrè nípa ìwà kò dúró lórí pé a ti ilẹ̀kùn nìkan, ó dúró lórí bí a ṣe tì í. Òfin iṣẹ́ Nàìjíríà sọ díẹ̀ nípa èyí ní abala rẹ̀ ogún: agbanisíṣẹ́ tí òṣìṣẹ́ ti pọ̀ jù fún gbọ́dọ̀ sọ ìdí rẹ̀ àti bí yóò ti tó fún ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ tàbí aṣojú wọn, ẹni tó dé kẹ́yìn ni kó kọ́kọ́ lọ, bí ìmọ̀ àti ìṣeéfọkàntán bá dọ́gba, kí ó sì sa gbogbo ipá rẹ̀ láti bá wọn dúnàádúrà lórí owó tí a ó fi tú wọn sílẹ̀. Ìwọ̀nba tí òfin béèrè nìyí, ohun tí ọmọlúàbí ń béèrè sì ju bẹ́ẹ̀ lọ. Àlejò kì í kúrò ní ilé Yorùbá láì dágbére, ẹni tó bá jẹun tán tó yọ́ jáde ti fi ara rẹ̀ hàn. Ilé-iṣẹ́ tó fi ogún ọdún jẹ nínú agbára ènìyàn, tó wá lẹ ìwé mọ́ géètì ní òru, ti ṣe ohun tí àṣà kò gbà láàyè fún àlejò ọjọ́ kan.

Ìtàn Ìjẹ̀bú fi hàn pé ìlú lè pàdánù ọ̀nà oúnjẹ rẹ̀ kó sì tún dìde. Títí di 1892, Ìjẹ̀bú ni ó ń ṣọ́ ọ̀nà tó so etí ọ̀sà mọ́ ìgbèríko, èrè ọjà tó ń gba ibẹ̀ kọjá sì ni ọ̀pọ̀ ilé fi ń jẹun. Lẹ́yìn ogun Ìmágbọn ní ọdún náà, àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣí ọ̀nà fún gbogbo ènìyàn, agbára yẹn sì bọ́ lọ́wọ́ wọn. Láàárín ìran kan, àwọn ọmọ Ìjẹ̀bú ti wọ ilé-ìwé, wọ́n ti kún mọ́sálásí àti ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n sì ti di oníṣòwò káàkiri. Ẹ̀kọ́ tó wà níbẹ̀ kì í ṣe pé kí olúkúlùkù lọ fi orí ara rẹ̀ jà, torí pé ẹbí ló fi owó ránṣẹ́, ẹgbẹ́ ló ṣe onígbọ̀wọ́, ará ìlú tó ti ṣáájú lọ sí òkèèrè ló gba ọmọ tuntun sílé. Ní òpin ọ̀rúndún ogún, nígbà tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Akin Mabogunje àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé ètò kan dìde ní Ìjẹ̀bú-Òde láti gbógun ti ìṣẹ́, ọ̀nà kan náà ni wọ́n tọ̀: ìpàdé gbogbo ìlú, ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, ẹ̀yáwó tó mọ níwọ̀n, àti àwọn adágún ẹja Eriwe, níbi tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti ń sin ẹja lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn. Régbérégbé, àwọn ẹgbẹ́ ọjọ́ orí tí gbogbo ayé ń wò nígbà Ojúde Ọba ní ọjọ́ kẹta Iléyá, ní irú agbára bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́. Ẹgbẹ́ tó lè ra aṣọ kan náà ní ọjọ́ ayọ̀ lè gbé ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀ ró ní ọdún tí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ibi tí ọlá rẹ̀ yóò sì ti hàn jù nìyẹn. Àmọ́ o, inú rere ìlú kò pa gbèsè agbanisíṣẹ́ rẹ́. Ẹja Eriwe kò lè san owó ìfẹ̀yìntì tí ẹlòmíràn jẹ.

Ó ku ohun kan tí owó kò lè dá padà pátápátá. Yorùbá ń kí iṣẹ́: ẹni tó bá ń kọjá lọ tó rí ẹni tó ń ṣe nǹkan yóò ní ẹ kú iṣẹ́, nínú ìkíni yẹn ni a sì ti ń jẹ́wọ́ pé ẹni náà wà láàárín àwọn tó ń gbé ayé ró. Nígbà tí ilé-iṣẹ́ bá tì, òṣìṣẹ́ yóò pàdánù ìkíni yẹn kó tó pàdánù ohun mìíràn. Ìkíni tí a sábà máa ń fi rọ́pò rẹ̀ ni ẹ kú ìrọ́jú, tí a ń kí ẹni tí òfò ṣẹ̀. Kò sí ohun tó burú nínú rẹ̀ bó bá jẹ́ ẹnu aládùúgbò, ìmáàmù, pásítọ̀ tàbí babaláwo tó ti wá bá a jókòó ni ó ti jáde. Ṣùgbọ́n ẹni tó ní kọ́kọ́rọ́ géètì lọ́wọ́, tí owó òṣìṣẹ́ sì wà ní àpò rẹ̀, kò ní ẹ̀tọ́ láti kí i bẹ́ẹ̀. Owó ni kó kọ́kọ́ mú wá, kó sọ òtítọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀ lójú gbogbo wọn, kó sì dágbére. Lẹ́yìn náà ni ó tó lè la ẹnu sọ̀rọ̀ ìrọ́jú.